Montreuil, Ìlú Tó Ń Fi Ògiri Mú Oòrùn

Ògiri ló mú mi fẹ́ràn Montreuil. Kì í ṣe ògiri ààfin, kì í sì í ṣe ti ṣọ́ọ̀ṣì àtijọ́. Ògiri lásán ni, tó ga ju orí ènìyàn lọ díẹ̀, tó ti ya níhìn-ín, tó tẹ̀ lọ́hùn-ún, tí ewéko ti bò mọ́lẹ̀. Ẹni tí kò bá mọ ìtàn rẹ̀ yóò rò pé ilẹ̀ ẹbí ni, èyí tí àwọn ọmọ bàbá kan ń bá ara wọn ṣẹjọ́ lé lórí, tí ẹnikẹ́ni kò sì lè kọ́ ohunkóhun sí.

Ìlà-oòrùn Paris ni Montreuil wà. Ohun tó là wọ́n láàárín kò ju òpópónà oníyíká tí wọ́n kọ́ parí ní 1973 lọ. Tí ènìyàn bá wọ ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀, ìlà kẹsàn-án, ibùdókọ̀ mẹ́ta tó kẹ́yìn, Robespierre, Croix de Chavaux àti Mairie de Montreuil, kò sí ní Paris mọ́. Láti 1937 ni ọkọ̀ náà ti ń dé ibẹ̀. Àwọn tó ń gbé ìlú náà lé ní 100,000. Abẹ́ ẹkùn Seine-Saint-Denis ló wà, ẹkùn tí nọ́ńbà rẹ̀ jẹ́ 93, tí àwọn oníròyìn kì í fi bẹ́ẹ̀ rántí àfi tí mọ́tò bá ń jó níbẹ̀. Ní 2005, ọmọkùnrin méjì tó ń sá fún ọlọ́pàá kú sí ibùdó iná mànàmáná ní Clichy-sous-Bois, ìgboro sì gbóná fún bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ìgbà yẹn ni gbogbo ayé mọ 93. Títí di òní, tí mo bá sọ fún ará ilé pé ẹ̀yìn odi Paris ni mò ń gbé, ohun tí wọ́n máa ń kọ́kọ́ bi mí ni pé ṣé kò sí wàhálà níbẹ̀.

Wàhálà wà. Ẹkùn náà ló tòṣì jù nínú gbogbo ẹkùn Faransé tó wà ní ilẹ̀ Yúróòpù, òun náà sì ni àwọn ọ̀dọ́ pọ̀ sí jù. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ lónìí. Ó ti lé ní 300 ọdún tí Paris ti ń jẹ nínú òógùn Montreuil. Ohun tí wọ́n bá sì ṣe níbẹ̀, tó bá ti kọjá odi, ó ti di ti Paris nìyẹn.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti ìdí ògiri.

Èso píìṣì ni wọ́n torí rẹ̀ mọ ọ́n. Ẹ̀yin tí ẹ kò tíì jẹ ẹ́ rí, èso rọ̀bọ̀tọ̀ ni, ó máa ń pọ́n rẹ́súrẹ́sú, irun fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ bo ara rẹ̀, kóró kan ṣoṣo ló wà láàárín, omi inú rẹ̀ sì lè ṣàn dé ìgbọ̀nwọ́. Igi rẹ̀ fẹ́ràn oòrùn. Àyíká Paris kò sì ní oòrùn tó láti fún un; ìrì dídì lè pa gbogbo òdòdó rẹ̀ ní òru kan nínú oṣù kẹta tàbí ìkẹrin. Láti ọ̀rúndún kẹtàdínlógún ni àwọn àgbẹ̀ Montreuil ti wá ọgbọ́n sí i. Wọ́n fi ògiri gé oko wọn sí ọ̀nà tóóró-tóóró, wọ́n na ọ̀pọ̀ àwọn ògiri náà láti àríwá sí gúúsù, kí ojú kan lè gba oòrùn òwúrọ̀, kí ojú kejì gba ti ìrọ̀lẹ́. Òkúta àti amọ̀ ni inú rẹ̀. POP ni wọ́n fi rẹ́ ẹ lára.

Bẹ́ẹ̀ ni, POP kan náà tí ẹ fi ṣe àjà pálọ̀ yín. Òkúta tí wọ́n máa ń sun, tí wọ́n máa ń lọ̀, kí ó tó di ìyẹ̀fun funfun yẹn, abẹ́ òkè Montreuil kún fún un. Ọgbà ìgbafẹ́ Beaumonts, níbi tí àwọn ọmọdé ti ń gun kẹ̀kẹ́ lónìí, ibi ìwakùsà rẹ̀ ni tẹ́lẹ̀.

Ní ọ̀sán, ògiri á mu oòrùn yó. Tí ilẹ̀ bá ṣú, á máa tú ooru náà jáde díẹ̀díẹ̀ sára igi tó fara tì í. Wọn kì í jẹ́ kí igi náà dàgbà bó ṣe wù ú. Wọ́n á tẹ́ ẹ pẹlẹbẹ mọ́ ògiri, wọ́n á na ẹ̀ka rẹ̀ sọ́tùn-ún sósì. Wọn kì í fi okùn dì í, torí okùn lè bó ẹ̀ka lára. Àkísà ni, ẹ̀já aṣọ ògbólógbòó: wọ́n á fi yí ẹ̀ka ká, wọ́n á sì kan ìṣó la àkísà náà kọjá wọ inú POP. Ẹ̀ka kan, àkísà kan, ìṣó kan, títí dé òpin ògiri, lẹ́yìn náà ojú kejì. Tí ọdún bá yí po, wọ́n á tún un ṣe. Orí ògiri ní ìbòrí tó yọ síta díẹ̀ kí òjò má bàa pa ewé, wọ́n sì máa ń ta ẹní koríko sí iwájú igi nígbà tí òtútù bá ń bọ̀.

Tí èso bá pọ́n, iṣẹ́ kò tíì parí. Kí ó tó lọ sí ọjà Les Halles ní àárín gbùngbùn Paris, wọ́n á fi búrọ́ọ̀ṣì gbọn irun ara rẹ̀ dànù. Irun yẹn a máa yún ènìyàn lára. Ara ẹni tó ń gbọn ọ́n ló ń lẹ̀ mọ́. Ẹni tó máa jẹ ẹ́ lórí tábìlì fàdákà kò ní mọ̀ pé ó nírun rárá. Láyé Louis XIV ni òkìkí píìṣì tí wọ́n ń fi ògiri tọ́ ní apá ibí yìí ti dé ààfin Versailles, àwọn ọlọ́lá ilẹ̀ òkèèrè náà sì ń jẹ ẹ́ nígbà tó yá. Èyí tó yà mí lẹ́nu jù ni ti àwọn ápù. Láti kékeré ni wọ́n ti máa ń fi àpò bébà bo ápù lórí igi kí awọ rẹ̀ lè funfun. Tó bá kù díẹ̀ kó pọ́n, wọ́n á ṣí i, wọ́n á lẹ bébà tí wọ́n ti gé iṣẹ́ ọnà sí mọ́ ọn lára, oòrùn á wá fi àwọ̀ pupa ya àmì ìdílé ọba tàbí àwòrán ojú rẹ̀ sára èso. Oòrùn tí kò tó nǹkan yẹn ni wọ́n tún ń fi ya àwòrán!

Nígbà tí iṣẹ́ yìí gbilẹ̀ jù ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, tí wọ́n bá na gbogbo ògiri náà pọ̀, gígùn rẹ̀ á tó nǹkan bíi 600 kìlómítà. Ẹni tó bá ti Èkó lọ sí Ìlọrin tó tún padà wálé ló rin bẹ́ẹ̀.

Rélùwéè ló pa á. Nígbà tí ọkọ̀ ojú irin bẹ̀rẹ̀ sí í kó píìṣì wá láti gúúsù Faransé, níbi tí oòrùn ti ń ràn láìsí ẹni tó mọ ògiri fún un, èso tibẹ̀ yá dé ọjà ju ti Montreuil lọ, ó sì nira fún àgbẹ̀ Montreuil láti bá iye owó rẹ̀ díje. Ilé iṣẹ́ ń wá ilẹ̀, àwọn òṣìṣẹ́ ń wá ilé, àgbẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í ta oko. Nígbà tó yá, ìjọba tún la ẹ̀ka òpópónà ńlá kan, A186, kọjá láàárín àwọn ògiri tó kù. Ilẹ̀ tó kù báyìí kò ju nǹkan bíi éékítà 35 lọ. Ní 2003, ìjọba fi òfin dáàbò bo éékítà 8.5 nínú rẹ̀. Wọ́n ti pa òpópónà A186 tì, ipa ọ̀nà rẹ̀ ni wọ́n fẹ́ kí tíráàmù T1 gbà. Àwọn aládùúgbò kan ń bínú sí tíráàmù náà pé yóò tún gé ọgbà. Èmi ò bá wọn bínú. Ẹni tó ń gbé ní òkè Montreuil, tó ń fi bọ́ọ̀sì kan wọ òmíràn kó tó débi iṣẹ́ ní ìdájí, ó ti dúró de ọkọ̀ pẹ́ jù.

Lẹ́yìn àgbẹ̀, ẹlòmíràn tún wá mú oòrùn ní ìlú yìí. Pidánpidán ni Georges Méliès ní Paris, òun ló ni gbọ̀ngàn eré Robert-Houdin. Ìdílé rẹ̀ ní ilé àti ọgbà ní Montreuil, inú ọgbà yẹn ló sì kọ́ sítúdíò rẹ̀ sí ní 1897: irin ni egungun rẹ̀, gíláàsì ni ògiri àti òrùlé. Iná mànàmáná ìgbà yẹn kò mọ́lẹ̀ tó láti fi ya fíìmù, nítorí náà ó kọ́ ilé tí ìmọ́lẹ̀ yóò máa wọ̀ láti gbogbo ọ̀nà. Mi ò sọ pé ọ̀dọ̀ àwọn onípíìṣì ló ti kọ́ ọ o. Ìṣòro kan náà ni wọ́n sáà ní: oòrùn kò tó, ẹ wá bí ẹ ó ṣe mú ìwọ̀nba èyí tó wà.

Nínú ilé gíláàsì yẹn ló ti ya fíìmù 1902 tí gbogbo ayé mọ̀, èyí tí ọta ńlá ti lọ gún òṣùpá lójú. Orí ń fò kúrò lọ́rùn, ènìyàn ń di èéfín, obìnrin ń pòórá. Fíìmù tó ṣe lé ní 500. Àwọn oníṣòwò ní Amẹ́ríkà ń da iṣẹ́ rẹ̀ kọ, wọ́n ń tà á láìfún un ní kọ́bọ̀. Àwọn òṣèré wa tí wọ́n ti bá àwọn adàwékọ Aláàbà fà á mọ ibi tí bàtà ti ta ọkùnrin yìí lẹ́sẹ̀. Nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní, àwọn ológun kó ọ̀pọ̀ fíìmù rẹ̀, wọ́n yọ́ ọ, wọ́n fi ṣe gìgísẹ̀ bàtà sójà. Ní 1923, gbèsè bò ó mọ́lẹ̀, ilé Montreuil bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, òun fúnra rẹ̀ ló dáná sun èyí tó kù nínú fíìmù rẹ̀. Ó padà di ẹni tó ń ta ohun ìṣeré ọmọdé ní ibùdókọ̀ ojú irin Montparnasse. Ó kú ní 1938.

Kí ẹ má rò pé òun nìkan ni. Émile Reynaud, tí wọ́n bí ní Montreuil ní 1844, ló ń fi àwòrán ọwọ́ tó ń rìn hàn fún àwọn ará Paris ní 1892, ọdún mẹ́ta ṣáájú ìgbà tí àwọn arákùnrin Lumière fi sinimá tiwọn hàn. Sinimá ló lé e kúrò lọ́jà. Ìbànújẹ́ mú un, ó kó èyí tó pọ̀ jù nínú àwọn àwòrán rẹ̀ dà sínú odò Seine. Ọmọ ìlú kan àti àlejò ìlú kan: ọ̀kan fi iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ fún omi, ọ̀kan fi í fún iná. Sinimá ìjọba ìlú tó wà nítòsí gbọ̀ngàn ìlú ń jẹ́ Le Méliès báyìí. Yàrá ìwòran mẹ́fà ló ní, owó ìwọlé rẹ̀ sì rọ̀ ju ti àwọn ńlá Paris lọ. Òun ni mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo ohun tí ìlú náà ń ná owó orí wa lé lórí.

Ilé iṣẹ́ mìíràn pọ̀ níbẹ̀ láyé ọjọ́un. Wọ́n ń ṣe àga àti bẹ́ẹ̀dì, wọ́n ń ṣe dùùrù. Ọmọláńgidi Jumeau, olórí tánganran, tí wọ́n máa ń wọ̀ ní aṣọ àrán bí ìyàwó olówó, Montreuil ni ilé iṣẹ́ rẹ̀ wà. Àwọn ọmọ ọlọ́rọ̀ ayé gbà á gẹ́gẹ́ bí ọmọláńgidi Paris. Níbi tí òṣìṣẹ́ bá sì pọ̀ sí, ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ kì í jìnnà. Àwọn kọ́múnísì ló ṣàkóso ìlú náà fún ọ̀pọ̀ ọdún. Gbàgede Croix de Chavaux ń jẹ́ orúkọ Jacques Duclos, ọ̀kan nínú àwọn olórí wọn, nínú ìwé ìjọba, bó tilẹ̀ jẹ́ pé orúkọ àtijọ́ ni gbogbo ayé ń pè é. CGT, ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ tí Faransé máa ń gbọ́ ìró rẹ̀ nígbà ìyanṣẹ́lódì, ibẹ̀ ni olú ilé rẹ̀ wà.

Láti àwọn ọdún 1960 ni àwọn ọkùnrin Soninke láti ẹkùn Kayes ní Málì bẹ̀rẹ̀ sí í dé. Apá tí yóò ṣiṣẹ́ ni Faransé ń wá nígbà náà: fún ilé iṣẹ́ mọ́tò, fún ilé kíkọ́, fún ìgboro gbígbá, fún abọ́ fífọ̀ ní ilé oúnjẹ. Wọ́n rí iṣẹ́, wọn ò ríbi sùn. Ní 1968, ilé iṣẹ́ dùùrù kan tí wọn kò lò mọ́ ní òpópónà Bara di foyer, ilé tí wọ́n ń kó àwọn òṣìṣẹ́ ọkùnrin pọ̀ sí. Ibi tí wọ́n ti ń to dùùrù di ibi tí wọ́n ti ń to bẹ́ẹ̀dì. Ilé náà kún débi pé iye ènìyàn tó ń sùn níbẹ̀ ju iye bẹ́ẹ̀dì tó wà lákọsílẹ̀ lọ dáadáa, torí kò sí ẹni tó lè sọ fún ọmọ ẹ̀gbọ́n òun tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé láti abúlé pé kò sáyè.

Mo bá ilé náà láyé. Àgbàlá rẹ̀ lọ́jọ́ Sunday, ọjà ni. Wọ́n ń ta obì, wọ́n ń ta àgbàdo sísun, télọ̀ ń rán bùbá, onígbàjámọ̀ ń fárí, alágbẹ̀dẹ ń rọ òrùka fàdákà. Nínú ilé ìdáná, ìkòkò tó lè gba ọmọdé ló ń hó lórí iná. Ìrẹsì àti ọbẹ̀ ẹ̀pà, mafé, ni mo máa ń rà, ní owó tí ènìyàn ò lè fi mu kọfí kan ní Champs-Élysées. Bàbá àgbàlagbà kan wà tí gbogbo ilé ń pè ní Tonton. Ó kọ́kọ́ kí mi, ó béèrè ara mi, ó béèrè ilé, ó béèrè ọmọ, ó béèrè àwọn tí mo fi sílẹ̀ nílé, gẹ́gẹ́ bí àgbà wa náà ì bá ti ṣe. Lẹ́yìn náà ló tó bi mí níbi tí mo ti wá. Mo ní Nàìjíríà ni, bàbá. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, “Ẹ̀yin ará Nàìjíríà? Ṣebí London lẹ̀ ń lọ.” Ó sún lórí àga gbọọrọ kí n lè ráyè jókòó.

Kò sì parọ́. Nínú àwọn ọmọ Yorùbá tí mo mọ̀ ní àyíká Paris, ọmọ Kétu, ọmọ Sákétẹ́ àti ọmọ Àjàṣẹ́ láti Orílẹ̀-èdè Benin ló pọ̀ jù, torí pé Faransé ni wọ́n kà níléèwé.

Ohun tí mo mọ̀ dáadáa nínú ìgbésí ayé foyer ni owó dídájọ. Abúlé kọ̀ọ̀kan ní àpótí tirẹ̀. Olúkúlùkù ń san tirẹ̀ sí i, ẹni tí kò ríṣẹ́ lóṣù yìí á san án lóṣù tó ń bọ̀. Owó yẹn ló kọ́ ilé ìwé, mọ́sálásí, ilé ìwòsàn, tó gbẹ́ kànga ní ẹkùn Kayes. Òun náà ló ń gbé òkú lọ sílé. Ẹgbẹ́ ọmọ bíbí ìlú tí àwọn èèyàn wa ń ṣe ní London nìyẹn gẹ́lẹ́, àyàfi pé tàwọn Soninke kì í fi bẹ́ẹ̀ ní aṣọ ẹbí àti ayẹyẹ. Láti 1985 ni ìjọba ìlú Montreuil fúnra rẹ̀ ti bá Yélimané ní Málì ṣe àdéhùn ìfọwọ́sowọ́pọ̀. Nígbà tí Faransé àti Málì bá ń bínú síra wọn, àwọn méjèèjì tí ọ̀rọ̀ náà ń dùn jù ni wọ̀nyẹn.

Ilé Bara gbó, ó di eléwu. Òrùlé ń jò, ilé ìwẹ̀ bàjẹ́, eku ń ṣe bó ṣe wù ú. Ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n fi ṣèlérí pé àwọn yóò tún un kọ́. Ní oṣù kẹsàn-án 2018, Patrice Bessac tó jẹ́ olórí ìlú fi àṣẹ gba ilé ìjọba àpapọ̀ kan tó ṣófo láàárín ìlú, ó kó àwọn tó ń gbé Bara lọ síbẹ̀. Olórí ìlú tó fi àṣẹ gba ilé ìjọba nítorí àwọn aláìní! Mo pe àbúrò mi ní Ìbàdàn lóru ọjọ́ náà kí n lè sọ fún un. Kò gbà mí gbọ́.

Láti 1997 ni ìjọba Faransé ti ń sọ àwọn foyer àtijọ́ di ilé oníyàrá kọ̀ọ̀kan: olúkúlùkù pẹ̀lú kọ́kọ́rọ́ tirẹ̀, ilé ìwẹ̀ tirẹ̀, sítóòfù kékeré tirẹ̀. Ẹni tó bá ti sùn pẹ̀lú ẹni márùn-ún nínú yàrá kan fún 20 ọdún yóò dúpẹ́ fún ilẹ̀kùn tó lè tì. Ṣùgbọ́n kò sí ìkòkò ńlá nínú àwòrán ilé tuntun, kò sí àgbàlá tí alágbẹ̀dẹ yóò tẹ́ irinṣẹ́ sí. Àwọn tó ya àwòrán ilé náà ka ìdáná àjọṣe kún ìdọ̀tí. Ibẹ̀ ni èrò mi ti yàtọ̀ sí tiwọn: ìkòkò yẹn ló ń bọ́ òṣìṣẹ́ alẹ́ tí kò ní ìyàwó nítòsí, òun náà ló ń bọ́ àwọn aládùúgbò tí kì í ṣe ará Málì rárá, èmi pàápàá.

Ní báyìí, àwọn tó ń dé Montreuil, Paris ni wọ́n ti ń bọ̀. Òṣèré, ayàwòrán, olùkọ́, oníròyìn, ilé Paris ti wọ́n kọjá agbára wọn, ni wọ́n bá ré òpópónà oníyíká kọjá. Wọ́n ti sọ ilé iṣẹ́ àtijọ́ di pálọ̀ olórùlé gíga. Ubisoft tó ń ṣe géèmù kọ̀ǹpútà ní ọ́fíìsì ńlá níbẹ̀, nítorí náà wọ́n ṣì ń ṣe àwòrán tó ń rìn ní ìlú Reynaud. Àwọn ará Paris ti wá ń fi Montreuil ṣàpèjúwe pé ó ti di àdúgbò kọkànlélógún ìlú wọn tó ní ogún àdúgbò, wọ́n sì rò pé ìyìn ni. Lóòótọ́, àwọn àlejò tuntun yìí wúlò: àwọn ló pọ̀ nínú àwọn tó ń tún ògiri píìṣì mọ, tí wọ́n ń ti ọwọ́ bọ POP nínú òtútù láìgba owó. Àwọn kan náà ni owó ilé ń tẹ̀ lé bọ̀. Ìlú náà ní ilé olówó kékeré tí ìjọba kọ́ ní ìwọ̀n tó pọ̀, ìyẹn ló ṣì ń di nǹkan mú; àwọn tí orúkọ wọn wà lórí ìwé dídúró ń dúró fún ọ̀pọ̀ ọdún. Nọ́ọ̀sì tó ń gbé lókè ilé mi ti kó lọ sí ibi tó jìnnà sí i. Ìlú tó gba àgbẹ̀, tó gba pidánpidán, tó gba Soninke, iye owó ilẹ̀ ni yóò sọ ẹni tí yóò gbà lẹ́yìn wọn, àfi tí àwọn tó ń dìbò níbẹ̀ bá kọ̀.

Tí ẹ bá wá sí Paris, ẹ yọ ọ̀sán Sunday kan sọ́tọ̀ nígbà ooru ti Faransé. Ẹ wọ ìlà kẹsàn-án dé òpin rẹ̀, ẹ wọ bọ́ọ̀sì lọ sí òkè, ẹ sọ̀ kalẹ̀ ní ẹ̀bá òpópónà Saint-Antoine. Ọ̀pọ̀ ọgbà inú àwọn ògiri náà wà lọ́wọ́ àwọn ẹgbẹ́ aládùúgbò, wọ́n sì máa ń ṣí ilẹ̀kùn fún àlejò lọ́jọ́ náà. Tí ẹnì kan bá fún yín ní píìṣì, ẹ kọ́kọ́ nù ún dáadáa, irun rẹ̀ ṣì wà lára. Ẹ má sì wọ bàtà funfun o.